Ejò Inú Òkìtì Èèpo Àgbọn

Mo rántí orúkọ gbogbo àwọn tó wà níbẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ náà, àmọ́ n ò ní dárúkọ ẹnì kankan. Púpọ̀ nínú wọn ti lọ. Ọkọ mi ló ṣáájú.

Ayé ológun ni. Ní Sátidé ìmọ́tótó, kòbókò ni wọ́n fi ń lé wa jáde láti gbálẹ̀. Òkìtì èèpo àgbọn wà lẹ́yìn ilé wa n'Ìwòrò. Ọkọ mi àti ayálégbé wa, káfíńtà ará Èkìtì, ń kó o. Bí wọ́n ṣe ṣí èèpo kan báyìí, ejò kan ká jọ síbẹ̀, ó sanra, ara rẹ̀ rí tótòtó.

Ayálégbé gbé àdá sókè. Ọkọ mi gbá a lọ́wọ́, àdá fò lọ.

"Dangbé nìyẹn. A kì í pa á níbí."

Ègùn ni ọkọ mi. Òjòlá kékeré tí wọ́n ń pè ní Dangbé, bí baba ńlá ló jẹ́ fún wọn. Tó bá wọlé, aṣọ ni wọ́n fi ń gbé e lọ sínú igbó.

"Bàbá, ẹ wo orí rẹ̀. Ó fẹ̀ bí ewé. Paramọ́lẹ̀ ni."

"Ará òkè, ìwọ lo fẹ́ kọ́ mi ní ejò ilé bàbá mi?"

Ayálégbé dì í mú láti ẹ̀yìn. Ọkọ mi fi ìgúnpá fọ́ ọ lẹ́nu, ẹ̀jẹ̀ bò ó láyà. Ọkọ mi bọ́ ṣẹ́ẹ̀tì, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ láti fi gbé ejò náà. Ejò náà fín bí ẹwìrì, ó ṣán an lọ́rùn ọwọ́.

Ayálégbé ṣá ejò náà títí ó fi di ègé. Ó pọn ọkọ mi, ó sáré dé etí ọ̀sà, èmi náà sáré tẹ̀lé wọn. Sójà ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ rìn kí ìmọ́tótó tó parí. Wọ́n fi kòbókò la ayálégbé lẹ́sẹ̀ títí awọ fi bó, kò sọ ọkọ mi kalẹ̀.

Nígbà tí wọ́n jẹ́ ká wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí ọsibítù, apá rẹ̀ ti wú dé abíyá, ẹ̀jẹ̀ ń jáde ní èèrìgì rẹ̀. Ó wo ayálégbé.

"Ará òkè, orí rẹ̀ fẹ̀ lóòótọ́."

Kò tún sọ̀rọ̀ mọ́. Ọsibítù ìgbà náà, owú pàápàá, aláìsàn ló ń gbé e wá. Ta ló máa bá abẹ́rẹ́ tó ń pa oró ejò níbẹ̀? Ó kú kí oòrùn tó wọ̀.

Dangbé ṣì ń wọlé mi. N kì í pa á, àmọ́ n kì í jẹ́ kí ọmọ-ọmọ mi fọwọ́ kan ejò kankan. Òkèèrè ni kí wọ́n ti wo orí, kí wọ́n sì rọra fà sẹ́yìn. Kí ayálégbé tó padà sí Èkìtì, ó gbẹ́ igi gígùn kan tó ní ìwọ̀ lẹ́nu fún mi. Òun la fi ń tú èèpo àgbọn títí dòní.