Fọ́tò Tí Kámẹ́rà Yà Níbi Iná Pupa

Ìwé ọkọ̀ ni mo ń bá àwọn ènìyàn ṣe ní Mowe, nínú ṣọ́ọ̀bù kékeré kan tó kọjú sí ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Ìbàdàn. Ó ti lé lógún ọdún tí mo ti wà lẹ́nu rẹ̀. Múdàṣírù lorúkọ mi, ṣùgbọ́n Bàbá Qudrah ni tọmọdé tàgbà ń pè mí, nítorí àkọ́bí mi. Mo sọ èyí kí ẹ lè mọ̀ pé kì í ṣe ọmọdé ló ṣe ohun tí mo fẹ́ rò fún yín yìí. Àgbà ni. Àgbà tó rò pé òun gbọ́n.

Ọ̀rọ̀ Àjíbíkẹ́ ni. Bí ẹ bá ń gbé Mowe tàbí Ìbàfò, ẹ ó ti rí i rí: obìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó ń wa Sienna aláwọ̀ eérú, tí àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ kún inú rẹ̀ bámúbámú. Àràárọ̀ ló ń kó wọn láti àwọn àdúgbò inú lọ́hùn-ún lọ sí ilé ẹ̀kọ́ ní Ìbàfò, ọ̀sán ló sì ń kó wọn padà. Nígbà tó kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀, àwọn ọlọ́kadà máa ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n á ní ta ló gbé ọkọ̀ fún ìyàwó ilé. Kò dá wọn lóhùn. Kò pé oṣù mẹ́ta tí àwọn náà fi bẹ̀rẹ̀ sí í kó ọmọ tiwọn fún un. Dárasími, ọmọ kan ṣoṣo tó bí, ló máa ń jókòó níwájú lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni, ṣùgbọ́n òun lọ̀gá ọkọ̀. Òun ló ń pe orúkọ àwọn ọmọ bí wọ́n ṣe ń wọlé, ẹni tó bá sì pẹ́, òun náà ló máa bá a wí.

Èémí ló ń da ọmọ náà láàmú. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ó ti lé lọ́dún méjì báyìí, èémí náà fún un ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ilé ìwòsàn kékeré tó wà nítòsí wọn kọ ìwé fún Àjíbíkẹ́ pé kó tètè gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ńlá kan ní Èkó. Ayọ̀wálé ọkọ rẹ̀ wà níbi iṣẹ́ ní Àkúté. Àjíbíkẹ́ gbé ọmọ síwájú ọkọ̀, ó de bẹ́líìtì mọ́ ọn, ó sì gbéra. Láti Ìbàfò ni ọmọ náà ò ti dáhùn mọ́, ṣùgbọ́n ìyá rẹ̀ ò yé bá a sọ̀rọ̀. Nígbà tó gbé e wọ ilé ìwòsàn, dókítà fọwọ́ kàn án, ó ní òkú ni wọ́n gbé wá.

Ọ̀rọ̀ dókítà yẹn ni kò kúrò lára rẹ̀. Àwa tí a lọ kí i sọ ohun tí ẹnu máa ń sọ. A ní omi ló dànù, agbè ò fọ́. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀, ó ń mi orí. Ìbéèrè kan ṣoṣo ló máa ń bi ẹni tó bá jókòó tì í pẹ́: níbo gan-an lọ́mọ òun kú sí? Ṣé Ìbàfò ni? Ṣé lẹ́yìn Bérger ni? Nígbà tí òun ń sọ fún un pé ó ku díẹ̀ káwọn dé, ṣé ó ṣì ń gbọ́ òun? Kò sẹ́ni tó lè dá a lóhùn, torí àwọn méjèèjì péré ló wà nínú ọkọ̀.

Ẹ kúkú mọ àṣà wa. A kì í jẹ́ kí òbí mọ ibojì ọmọ. Ìyá àgbà kan nínú ẹbí Ayọ̀wálé wá láti Ìfọ̀ lọ́jọ́ kejì, ó kó aṣọ ọmọ, ó kó bàtà, ó kó gbogbo fọ́tò tó wà lára ògiri. Wọ́n gba fóònù lọ́wọ́ Àjíbíkẹ́ àti ọkọ rẹ̀, wọ́n pa gbogbo àwòrán ọmọ náà rẹ́, wọ́n sì dá fóònù padà. Wọ́n ní ohun tí ojú ò bá rí, ọkàn á tètè gbàgbé. Láti ọjọ́ náà, a ò pè é ní Ìyá Dárasími mọ́. Èmi náà fọwọ́ sí i. Mo tilẹ̀ wà lára àwọn tó ní kí wọ́n tètè ṣe é.

Àjíbíkẹ́ ò fi iṣẹ́ sílẹ̀. Lẹ́yìn ogójì ọjọ́, ó tún ń kó ọmọ ọlọ́mọ kiri, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni jókòó ní àga iwájú. Àwọn òbí kan yọ ọmọ tiwọn. Wọ́n ní ọkàn rẹ̀ ò sí lójú ọ̀nà mọ́. Àwọn tó kù ló fi ń jẹun.

Ní oṣù kẹta ọdún yìí ni ìwé ọkọ̀ rẹ̀ parí, ó sì gbé e wá kí n bá a sọ ọ́ dọ̀tun. Nọ́ńbà Èkó ni ọkọ̀ náà ní. Mo tẹ nọ́ńbà náà sórí kọ̀ǹpútà, kọ̀ǹpútà kọ̀. Ó ní ẹ̀sùn kan wà lọ́rùn ọkọ̀ náà: ó kọjá iná pupa ní oríta kan ní Èkó, kámẹ́rà mú un, ó sì ti lé lọ́dún méjì. Ọdún yìí ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ so irú ẹ̀sùn bẹ́ẹ̀ mọ́ sísọ ìwé dọ̀tun.

Inú bí mi. Ní Mowe tiwa yìí, kò sí iná tó ń darí ọkọ̀. Ẹni tí fèrè rẹ̀ bá ké jù ló ń kọjá. Nígbà táwọn èèyàn wa bá dé Èkó, wọ́n á rò pé iná pupa náà, fèrè ló fẹ́. Mo tún bínú sáwọn tó mú ẹ̀sùn náà pamọ́ fún ọdún méjì gbáko láìsọ fún ẹni tó ni ọkọ̀. Ìgbà tí mo wò ó dáadáa ni mo rí i pé wọ́n ti sọ, ẹ̀ẹ̀mẹrin. Nọ́ńbà fóònù mi ni wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí. Bí àwa oníṣẹ́ ìwé ṣe máa ń ṣe é nìyẹn: nọ́ńbà ara wa la ń kọ sí ìwé oníbàárà, kí iṣẹ́ lè yá. Síìmù yẹn sì ti bà jẹ́ tipẹ́. Mo gbé ìbínú mi mì.

Mo tẹ ibi tí wọ́n ní ká ti wo ẹ̀rí. Fọ́tò jáde. Ọjọ́ tí ọmọ náà kú gan-an ni. Mo rí Àjíbíkẹ́ tó tẹ̀ síwájú lórí sítíárìn, tí ẹnu rẹ̀ là, tó ń sọ̀rọ̀. Mo rí súwẹ́tà pupa lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, àti orí kékeré kan tó fì sápá fèrèsé. Mi ò wo ojú ọmọ náà. Kíá ni mo fi ọwọ́ bò ó, bí ẹni tó já lu ẹni tó ń wẹ̀, mo sì pa kọ̀ǹpútà dé. Àjíbíkẹ́ wà lórí bẹ́ǹṣì níwájú mi, ó ń dúró. Mo sọ fún un pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò dáa, kó máa lọ ná.

Bó ṣe lọ ni mo pe ọkọ rẹ̀, mo ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún un.

"Ṣé ó ti rí i?"

"Rárá o. Mo ti ní kó máa lọ sílé."

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ má jẹ́ kó rí i. Kò tíì pẹ́ tó bẹ̀rẹ̀ sí í sùn. Tó bá rí fọ́tò yẹn, ó ti tán nìyẹn."

"Èmi gan-an ò lè fi irú ẹ̀ han abiyamọ. Ìwé tí wọ́n kọ fún yín ní họ́sípítù ibí lọ́jọ́ náà ńkọ́?"

"Ó wà lọ́wọ́ mi. Mo fi pamọ́ síbi iṣẹ́."

Ìwé yẹn ni mo fi ti lẹ́tà tí mo kọ sí ọ́fíìsì àwọn tó ni kámẹ́rà lẹ́yìn. Mo kọ ọ́ pé àìsàn pàjáwìrì ló gbé obìnrin yìí kọjá iná pupa, pé ọmọ náà sì ti di olóògbé. Kò tó ọ̀sẹ̀ méjì tí wọ́n fi fagi lé ẹ̀sùn náà. Mo tún tẹ nọ́ńbà ọkọ̀, ó mọ́ tónítóní. Ẹ̀sùn ti lọ, fọ́tò sì ti bá a lọ. Mo bá Àjíbíkẹ́ parí ìwé rẹ̀, ó kúnlẹ̀ dúpẹ́, mo ní kò tópẹ́. Inú mi dùn sí ara mi lọ́jọ́ náà, mi ò ní purọ́.

Ayọ̀wálé tó bẹ̀ mí pé kí n bò ó mọ́lẹ̀, òun náà ni kò lè bò ó. Ọ̀sẹ̀ kan péré ló fi gbé e sínú. Láàárọ̀ ọjọ́ Sátidé kan, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣílẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù nígbà tí Àjíbíkẹ́ wọlé. Kò kí mi.

"Bàbá Qudrah, Ayọ̀wálé ní ẹ rí ọmọ mi."

"Jókòó ná, Àjíbíkẹ́."

"Ẹ fi hàn mí."

"Kò sí mọ́. Wọ́n ti fagi lé e."

"Ẹ ò wá prínt ẹ̀? Ẹ ò fi sórí fóònù yín?"

"Mi ò ṣe bẹ́ẹ̀."

Mo pe ẹni tó bá mi gba lẹ́tà náà wọlé ní ọ́fíìsì wọn, mo jẹ́ kí Àjíbíkẹ́ náà gbọ́ ohùn ọkùnrin náà. Ọkùnrin náà ní bí wọ́n bá ti fagi lé ẹ̀sùn, kò sóhun tó ń kù. Ó bi mí bóyá ìṣòro wà. Mo ní kò sí.

Ìgbà yẹn ni Àjíbíkẹ́ tó jókòó.

"Kò sí ẹyọ kan lọ́wọ́ mi," ó ní. "Ẹ̀yin lẹ kó gbogbo ẹ̀. Mo ti ń gbàgbé bí imú ẹ̀ ṣe rí, Bàbá. Èmi tí mo bí i."

Ojú tì mí débi pé ilẹ̀ ni mò ń wò.

"Ó dáa," ó ní. "Ẹ̀yin ṣáà rí i. Ẹ sọ fún mi. Ojú ẹ̀ là, àbí ó pa dé?"

Mo mọ ohun tó ń bi mí. Ó fẹ́ mọ̀ bóyá ọmọ rẹ̀ ṣì wà láyé ní oríta yẹn. Ohun tó yẹ kí n sọ ni pé mi ò wò ó. Ṣùgbọ́n mo rò ó pé ìyá wo ló máa fẹ́ gbọ́ pé bóyá òkú lòun ń bá sọ̀rọ̀. Mo ti gba fọ́tò lọ́wọ́ rẹ̀. Mo ní kí n kúkú fún un ní nǹkan.

"Ó là," mo ní. "Ojú ẹ̀ là kedere. Ìwọ ló ń wò."

Mo rò pé á sunkún, kí ara sì tù ú. Kò sunkún. Ó ń fi àtàǹpàkò ka oríkèé ìka rẹ̀.

"Oríta yẹn sí họ́sípítù ò ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ," ó ní. "Nígbà tí mo dé géètì, onígéètì ní mi ò lè gbé mọ́tò wọlé, kí n lọ pákì sódìkejì. Mo gbọ́ sí i lẹ́nu. Mo yípo lẹ́ẹ̀mejì kí n tó ráàyè. Ó tó ogún ìṣẹ́jú kí n tó gbé e wọlé."

"Àjíbíkẹ́."

"Mo ti gbà pé orí ọ̀nà ló ti lọ. Mo máa ń sọ fún ara mi pé kò sí nǹkan tí ǹ bá ṣe láti gbà á là. Òun ló ń gbé mi dìde láàárọ̀." Ó gbójú sókè wò mí. "Mo kọjá iná pupa, Bàbá. Mo wá lọ ń gbọ́ràn sí onígéètì lẹ́nu."

Mo ní irọ́ ni mo pa, mo ní mi ò wo ojú ọmọ náà rárá, pé ojú mi ò gbà á ni mo ṣe pa kọ̀ǹpútà dé. Mo fi Ọlọ́run búra. Ó jẹ́ kí n sọ ọ́ tán.

"Ẹ ṣeun, Bàbá," ó ní. "Mo mọ̀ pé ẹ kàn fẹ́ tù mí nínú ni."

Ó kúnlẹ̀ kí n tó lè dá a dúró, ó sì lọ.

Mo ti lọ sílé wọn lẹ́ẹ̀mẹta lẹ́yìn ìyẹn láti tún sọ òtítọ́ fún un. Ní gbogbo ìgbà ló máa ń gbé àga fún mi, tó máa ń gbọ́ mi tán, tó máa ń dúpẹ́. Kò gbà mí gbọ́, kò sì bi ẹnikẹ́ni ní ìbéèrè mọ́. Kò kó ọmọ ilé ẹ̀kọ́ mọ́ pẹ̀lú. Ọkọ̀ náà wà lẹ́nu ọ̀nà wọn, eruku ti bo gíláàsì rẹ̀, ìwé rẹ̀ sì pé pérépéré.