Kóòtù Ní Kí Ọmọ Mi Máa Wá, Bàbá Rẹ̀ Ní Rárá

Ẹ̀yin èèyàn mi, ó ti rẹ̀ mí, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí lórí ọ̀rọ̀ Afí, ọmọ mi obìnrin.

Aránṣọ ni mí ní Atakpamé. Nígbà tí èmi àti bàbá Afí kọ ara wa sílẹ̀, adájọ́ ní kí ọmọ máa gbé lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ ní Kamina torí ilé ìwé, kó sì máa wá sùn lọ́dọ̀ mi ní gbogbo Sátidé. Mo rò pé ó parí nìyẹn. Àṣé a ò tíì bẹ̀rẹ̀!

Sátidé àkọ́kọ́, mo gun ọ̀kadà lọ sí Kamina. Ìyá ọkọ mi àtijọ́ ní Afí ti bá wọn lọ sóko ní Akparé. Ó dáa. Nígbà tí mo tún lọ, wọ́n ní ara rẹ̀ ò yá. Lẹ́yìn ìyẹn, géètì wà ní títì, mo sì ń gbọ́ ohùn ọmọ mi nínú ọgbà, ó ń bá adìyẹ sọ̀rọ̀. Mo pè é títí. Ẹnì kan ní kó wọlé. Ṣé ẹ mọ bó ṣe ń rí kéèyàn dúró síta, kó máa gbọ́ ohùn ọmọ rẹ̀?

Àwọn kan ní kí n lọ gbé e lọ́nà ilé ìwé. Mi ò ṣe bẹ́ẹ̀. Bí èmi náà bá rú àṣẹ, kí ni mo fẹ́ wí? Mo padà sí kóòtù. Lọ lónìí, wá lọ́la! Adájọ́ rìnrìn àjò. Bàbá Afí ò yọjú. Aṣọ àwọn oníbàárà mi wà nílẹ̀ láìrán. Níkẹyìn, ọlọ́pàá ló lọ mú bàbá Afí wá.

Ó sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó ní ọmọ òun kì í ṣe ẹran tí wọ́n ń pín. Adájọ́, obìnrin kan tí kì í pariwo, jẹ́ kó sọ ọ́ tán.

"Mi ò bi yín bóyá àṣẹ náà dùn mọ́ yín. Ṣé ẹ ṣe é?"

Ó ní: "Mi ò ṣe é."

Adájọ́ ní ẹ̀wọ̀n ló tọ́ sí i, ó wá bi mí bóyá mo ní ohun tí mo fẹ́ sọ. Ìbínú kankan ò kù nínú mi mọ́. Mo ní mi ò fẹ́ kó lọ sẹ́wọ̀n, ọmọ mi ni mo fẹ́. Adájọ́ ní kì í ṣe èmi nìkan ni bàbá Afí ṣẹ̀, ó ṣẹ kóòtù náà. Ó dá ẹ̀wọ̀n fún un, àmọ́ ó ní kò tíì ní wọ̀ ọ́: Sátidé tó bá tún fi ọmọ pamọ́, kó máa lọ sẹ́wọ̀n tààrà.

Sátidé tó tẹ̀lé e, bàbá Afí fúnra rẹ̀ mú un wá sí ṣọ́ọ̀bù mi. Afí ti ga! Ó kí mi bí ọmọ ṣe ń kí tíṣà, kò fi ọwọ́ bàbá rẹ̀ sílẹ̀.

"Màmá, tí mo bá sùn lọ́dọ̀ yín, wọn ò ní ti bàbá mi mọ́lé mọ́, àbí?"

Bàbá rẹ̀ ń wo ilẹ̀. Èmi náà ń wo ilẹ̀. Mo ní rárá, kò sẹ́ni tó máa tì í mọ́lé. Ìgbà yẹn ló tó jọ̀wọ́ ọwọ́ bàbá rẹ̀.

Ó ń wá báyìí, kì í pa ọjọ́ kan jẹ. Kò tíì máa rẹ́rìn-ín púpọ̀ lọ́dọ̀ mi.

Ohun tí mo rí kọ́ ni pé tí kóòtù bá ti sọ̀rọ̀, ẹ ṣe é. Tí kò bá tẹ́ yín lọ́rùn, ẹ padà lọ bá adájọ́. Orí kunkun àwa àgbà, àwọn ọmọ ló ń rù ú.

Ẹ̀yin tí irú èyí ti ṣẹlẹ̀ sí, báwo ló ṣe pẹ́ tó kí ọmọ yín tó tún sáré wá dì mọ́ yín? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ fún mi.