Géèmù Tó Há Mọ́ Ìyá Onímaṣíìnì Lọ́wọ́

Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n gbáko ni obìnrin yìí fi tún ẹ̀rọ ìránṣọ ṣe. Òun fúnra rẹ̀ kì í ránṣọ o. Àwọn aránṣọ ló ń gbé maṣíìnì wọn tọ̀ ọ́ wá. Èyí tó ń já òwú, èyí tó ń ṣẹ́ abẹ́rẹ́, èyí tí kẹ̀kẹ́ rẹ̀ le gbagidi bí ẹni tó ń bínú. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀, àwọn ọkùnrin tó bá nídìí iṣẹ́ náà ń fi í rẹ́rìn-ín, wọ́n ní kí ló pa obìnrin àti nọ́ọ̀tì maṣíìnì pọ̀. Ó kàn ń tún maṣíìnì ṣe ni, títí àwọn náà fi ń yọ́ gba ẹ̀yìnkùlé gbé èyí tó bá ta kókó fún wọn wá bá a. Bó ṣe di Ìyá Onímaṣíìnì nìyẹn. Nígbà tí làkúrègbé wọ ìka ọwọ́ rẹ̀, ó ti ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ pa, àmọ́ kò sẹ́ni tó gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ pé iṣẹ́ ti tán lọ́wọ́ òun.

Ó ní àbúrò obìnrin kan ṣoṣo, ìyẹn ń gbé ní òkè òkun. Lọ́dún tó kọjá, àrùn rọpárọsẹ̀ kọ lu àbúrò náà. Ó mú apá ọ̀tún, ó mú ẹsẹ̀ ọ̀tún, ó sì kó ọ̀rọ̀ ẹnu lọ pẹ̀lú. Obìnrin tó jẹ́ pé tó bá bẹ̀rẹ̀ ìròyìn, omi á hó lórí iná, á tún tutù, kò lè pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ mọ́. Bí Ìyá Onímaṣíìnì bá pè é lórí fóònù, mímí ló máa ń gbọ́, lẹ́yìn náà ẹkún.

Ọmọ àbúrò náà, tó ń tọ́jú ìyá rẹ̀, ló wá géèmù kan jáde lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Eré ọkọ̀ ojú omi ni. Ènìyàn méjì lè jókòó sí ìlú méjì kí wọ́n sì jọ máa sá eré lórí omi kan náà, ọwọ́ kan sì tó láti fi wa ọkọ̀. Béèyàn bá tẹ bọ́tìnì kan, fèrè ọkọ̀ á dún: fáàà! Láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni kọ́ wọn, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò náà sọ fèrè yẹn di èdè. Ẹ̀ẹ̀kan: mo ti dé. Ẹ̀ẹ̀mejì: kúrò lọ́nà fún mi. Èyí tó gùn gbọọrọ: mo ti nà ọ́. Agogo mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ojoojúmọ́ ni wọ́n máa ń pàdé níbẹ̀, fún odindi oṣù márùn-ún.

Ní ọjọ́ Mọ́ńdè kan, Ìyá Onímaṣíìnì jókòó sídìí kọ̀ǹpútà rẹ̀, ó tẹ géèmù náà bó ṣe máa ń tẹ̀ ẹ́. Àwòrán ọkọ̀ yọ. Òrùka kékeré bẹ̀rẹ̀ sí í yí lábẹ́ rẹ̀, ó yí, ó yí, ó sì dúró gbagidi. Máòsì ò rìn mọ́. Orin há sórí ohùn kan ṣoṣo, ó ń dún bí akólòlò tó ń wá ọ̀rọ̀. Ó pa kọ̀ǹpútà, ó tàn án, ó tún tẹ géèmù. Ibi tó há sí náà ló tún há sí.

Fóònù rẹ̀ dún. Ọmọ àbúrò rẹ̀ ló kọ̀wé sí i: “Màmá Àgbà, ṣé ẹ wà níbẹ̀? Ó ti tó ogún ìṣẹ́jú tí wọ́n ti ń fọn fèrè. Wọn ò jẹ́ kí n pa á.”

Ọ̀rọ̀ náà gún un lọ́kàn. Ó dá a lóhùn pé: “Sọ fún un pé ọkọ̀ mi ló bàjẹ́. Mò ń tún un ṣe.”

Ó pe àkọ́bí rẹ̀ ọkùnrin, tó ń ṣiṣẹ́ ọ́fíìsì ní òdìkejì ìlú.

“Màmá, kọ̀ǹpútà yẹn ti gbó,” ni ọmọ rẹ̀ wí. “Ẹ fi sílẹ̀, kẹ́ ẹ sinmi. Géèmù ọmọdé lásán-làsàn.”

“Ta lọmọdé?”

“Ẹ̀yin kọ́ ni mò ń bá wí o.”

“O ò tó bẹ́ẹ̀. Àbúrò mi ni mò ń bá sọ̀rọ̀ níbẹ̀, ìwọ ń pè é ní géèmù.” Ó pa fóònù.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, ó gbé kọ̀ǹpútà náà sínú àpò, ó gbé e lọ sọ́dọ̀ ọ̀gbẹ́ni kan tí wọ́n ń pè ní Dókítà Kọ̀ǹpútà. Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kún fún wáyà bí ilé aláǹtakùn. Dókítà tan kọ̀ǹpútà náà, ó rí i bó ṣe há, kò tiẹ̀ dojú rẹ̀ délẹ̀ wò. Ó mi orí.

“Màmá, ó ti darúgbó. Ẹ jù ú nù, kẹ́ ẹ ra tuntun.”

“Kí ló ń ṣe é gan-an?”

“Ọjọ́ orí ni.”

“Ọjọ́ Sátidé ó ṣí, ọjọ́ Sọ́ńdè ó ṣí. Ṣé ọjọ́ Mọ́ńdè ló wá darúgbó?”

Dókítà rẹ́rìn-ín. “Màmá, irú yín kọ́ ló yẹ kó máa da ara rẹ̀ láàmú nítorí géèmù. Ẹ lọ máa wo tẹlifíṣọ̀n.”

Ìyá Onímaṣíìnì bẹ̀rẹ̀ sí í ká wáyà rẹ̀ jọ ní wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Ọ̀rọ̀ yìí kọ́ ni yóò kọ́kọ́ gbọ́ nínú ṣọ́ọ̀bù ọkùnrin. “Bíbẹ́ orí kọ́ loògùn orí fífọ́, dókítà mi,” ló wí. “O ò mọ ohun tó ń ṣe é, o ti ń gbẹ́lẹ̀ òkú rẹ̀. Ó dàbọ̀ o.”

Ó délé, ó fa tábìlì sójú fèrèsé kí ìmọ́lẹ̀ lè tó o, ó mú ìwé pélébé kan àti bírò. Bó ṣe ń ṣe sí maṣíìnì tó bá ya pòkíì náà ló fẹ́ ṣe sí èyí. Tí maṣíìnì bá kọ̀ tí kò rìn, èèyàn ò gbọ́dọ̀ lù ú, kò sì gbọ́dọ̀ máa fọwọ́ kan nǹkan mẹ́ta lẹ́ẹ̀kan náà. Yọ ẹyọ kan, dán an wò. Dá a padà, yọ òmíràn.

Ó kọ́kọ́ wò ó bóyá íńtánẹ́ẹ̀tì ni. Ó ṣí ojú ìwé ìròyìn kan, ó ṣí kíá. Ọ̀nà dára nígbà náà. Ó yọ géèmù náà kúrò pátápátá, ó gbé e wọlé lákọ̀tun. Ìyẹn gba gbogbo ọ̀sán Túsìdeé lọ́wọ́ rẹ̀. Ó há. Ó yọ wáyà ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, ó há. Ó yọ kámẹ́rà kékeré tó wà lórí kọ̀ǹpútà, ó há. Ó kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀: “Wáyà ìtẹ̀wé, kì í ṣòun. Kámẹ́rà, kì í ṣòun.” Ìka rẹ̀ ń ro ó, ó bọ̀ wọ́n sínú omi lílọ́wọ́ọ́wọ́, ó nù wọ́n, ó padà sídìí iṣẹ́.

Ní ọjọ́ Wẹ́síde, ọmọ àbúrò rẹ̀ tún kọ̀wé. “Wọ́n ti kọ oúnjẹ ọ̀sán. Màmá Àgbà, bí kò bá ní ṣeé ṣe, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n mọ ohun tí màá sọ fún wọn.”

Ó ka á lẹ́ẹ̀mejì. Ó kọ ọ́ pé: “Sọ fún un pé kó jẹun, torí mi ò ní í bá aláìlágbára sá eré. Mò ń bọ̀.”

Ó wá rántí pé àwọn ààpù kan wà tó máa ń jí fúnra wọn bí kọ̀ǹpútà bá ti jí, wọ́n á sì máa ṣiṣẹ́ lábẹ́lẹ̀ láìfọhùn. Ó wá ibi tí orúkọ wọn wà. Mọ́kànlá ni wọ́n. Ó bẹ̀rẹ̀ láti òkè. Ó pa ẹyọ kan, ó tún kọ̀ǹpútà tàn, ó ṣí géèmù. Ó há. Ó dá a padà, ó pa èkejì. Ó há. Báyìí ni ó ṣe ń bá a lọ. Ní ọjọ́ Tọ́sìdeé, kó tó di agogo méjì ọ̀sán, ó kan ìkeje. Àwòrán apata kékeré ló wà lára rẹ̀, ẹ̀ṣọ́ tó ń lé kòkòrò kọ̀ǹpútà ni. Ìyá Onímaṣíìnì tẹjú mọ́ ọn. Òun kọ́ ló gbé èyí síbẹ̀. Ó pa á, ó tún kọ̀ǹpútà tàn, ó tẹ géèmù.

Òrùka yí, ó yí, kò dúró. Omi búlúù tẹ́ rẹrẹ kún ojú kọ̀ǹpútà.

“Kòkòrò tó ń jobì, inú obì ló wà!” ló pariwo, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òun nìkan ló wà nínú yàrá. Ó gbé fóònù.

“Ìwọ ọmọ yìí, kí lo ṣe sí kọ̀ǹpútà mi ní Sọ́ńdè tó o wá?”

“Sọ́ńdè… háà. Mo kàn fi ẹ̀ṣọ́ sí i ni, Màmá, kí kòkòrò má baà wọlé.”

“Ẹ̀ṣọ́ rẹ rí onílé, ó pè é lólè. Ó di géèmù mi lọ́wọ́ mú lẹ́nu ọ̀nà látọjọ́ Mọ́ńdè. Ìwọ lo gbé àìsàn wá, ìwọ náà lo tún ń sọ pé aláìsàn ti gbó.”

“Ẹ má bínú. Ṣé kí n wá yọ ọ́ kúrò?”

“Má wulẹ̀ wá. Ẹ̀ṣọ́ dára, kó máa ṣọ́lé. Màá fi onílé hàn án.”

Bẹ́ẹ̀ ló sì ṣe. Ó tan ẹ̀ṣọ́ náà padà, ó túlé rẹ̀ wò yẹ́bẹ́yẹ́bẹ́ títí ó fi rí ibi tí wọ́n ń kọ orúkọ ohun tí kò gbọ́dọ̀ dí lọ́wọ́. Ó kọ orúkọ géèmù síbẹ̀. Ó tún kọ̀ǹpútà tàn lẹ́ẹ̀mẹta kó lè dá a lójú. Lẹ́ẹ̀mẹtẹ̀ẹ̀ta, ọkọ̀ rẹ̀ jáde.

Agogo mẹ́rin ku ìṣẹ́jú díẹ̀ ló wọ ojú omi. Ọkọ̀ pupa àbúrò rẹ̀ ti wà ní èbúté, ó dúró jẹ́ẹ́. Ìyá Onímaṣíìnì fọn fèrè lẹ́ẹ̀kan.

Kò sí ohùn. Ó di ẹnu ara rẹ̀ mú. Lẹ́yìn náà fèrè ọkọ̀ pupa dún, ẹ̀ẹ̀kan, ẹ̀ẹ̀mejì, ẹ̀ẹ̀mẹfà, kò níye mọ́. Gbogbo yàrá ń hó yèè. Fóònù gbọ̀n lórí tábìlì: “Màmá Àgbà, wọ́n ń rẹ́rìn-ín! Wọ́n ń rẹ́rìn-ín sókè!”

Omi lé ròrò sí i lójú, àmọ́ ó fẹ̀yìn ọwọ́ gbá a kúrò, torí ọkọ̀ pupa ti ń sún mọ́ ojú ìlà ìbẹ̀rẹ̀, onírẹ́jẹ sì ni àbúrò rẹ̀ láti kékeré. Eré mẹ́rin ni wọ́n sá lọ́jọ́ náà. Àbúrò jẹ mẹ́ta, ó fọn fèrè gbọọrọ lé e lórí lẹ́ẹ̀mẹtẹ̀ẹ̀ta. Ìyá Onímaṣíìnì ní òun ò gbà, ó wa ọkọ̀ rẹ̀ padà sójú ìlà.