Pátákò Tí Mo Fi Rọ́pò Èékánná

Ẹnu mi burú nígbà yẹn, mi ò ní purọ́. Èmi ni mò ń yẹ ìwé wò ní ilé ìtẹ̀wé kan ní Ṣómólú, mo sì máa ń jágbe mọ́ àgbà bí ẹni ń lé ewúrẹ́. Ẹni tó jìyà ẹnu mi jù ni bàbá ayàwòrán wa, ará Ìlàjẹ kan tó ń gbé Bàrígà. Ọwọ́ rẹ̀ ti ń falẹ̀, ọ̀gá wa sì ti sọ ọ́ lójú gbogbo wa pé tí bàbá bá tún ṣe àṣìṣe kan péré, ilé yá nìyẹn.

Ìwé sáyẹ́ǹsì àwọn ọmọ iléèwé la ń ṣe lọ́wọ́. Olùkọ́bìnrin kan ló kọ ọ́, ó sì fẹ́ àwòrán àwọn ẹranko tó ti run láyé. Ọ̀kan nínú wọn, orúkọ rẹ̀ gùn débi pé mi ò lè pè é títí dòní. Ìbátan ẹṣin àti àgbáǹréré ni. Ojú rẹ̀ jọ ti ẹṣin, ẹsẹ̀ iwájú rẹ̀ sì gùn ju tẹ̀yìn lọ. Bàbá fi èékánná ńláńlá sí i lẹ́sẹ̀, ó yà á níbi tó ti ń walẹ̀ wú gbòǹgbò jẹ. Odindi ọjọ́ mẹ́rin ló fi tẹjú mọ́ fọ́tò egungun tí olùkọ́ náà fi ránṣẹ́.

Mo rí i, mo bú sẹ́rìn-ín. "Bàbá, ẹ gbà mí o! Wọ́n kọ ọ́ síbí pé ẹlẹ́sẹ̀ pátákò ni. Ẹṣin wo lẹ ti rí tó ní èékánná?"

Ó ní, "Ọmọ mi, egungun yẹn ni mo wò. Èékánná ló ní. Òun ló fi ń walẹ̀."

"Àfi bí ojú yín bá ti fọ́ tán!"

Gbogbo àwọn tó wà nídìí ẹ̀rọ rẹ́rìn-ín. Ó dùn mọ́ mi. Mo ní kó pa èékánná rẹ́ kíákíá, kó fi pátákò sí i. Ó sì pa á rẹ́.

Lọ́dọ̀ wa, a máa ń kọ́kọ́ tẹ ẹ̀dà kan ṣoṣo láti fi yẹ iṣẹ́ wò. Púrúfù là ń pè é. Ẹni tó bá buwọ́ lù ú ló ni àṣìṣe tó bá wà níbẹ̀. Èmi ló yẹ kí n buwọ́ lù ú, àmọ́ mo tì í síwájú bàbá, mo ní àwòrán yín ni. Ó buwọ́ lù ú.

Ìwé jáde, olùkọ́ náà sì já wọlé pẹ̀lú ìbínú. Ó ní ṣé a ò ka ojú ìwé kejì àlàyé tí òun fi ránṣẹ́ pẹ̀lú fọ́tò egungun ni? Òun kọ ọ́ síbẹ̀ gbangba pé láàárín gbogbo ẹlẹ́sẹ̀ pátákò, èékánná ni ìran yìí ní, kò ní pátákò rárá. Ohun tí òun fẹ́ kọ́ àwọn ọmọ gan-an nìyẹn. Háà! Mi ò ka ojú ìwé kejì.

Ọ̀gá fa púrúfù yọ. "Bàbá, ta ló ní kẹ́ ẹ fi pátákò sí i?"

Bàbá wò mí, ó ń retí kí n sọ̀rọ̀. Ojú tì mí, ìtìjú yẹn ló sì tún sọ mí dìkà sí i.

Mo ní, "Ọ̀gá, ṣebí ọwọ́ bàbá ló wà níbẹ̀?"

"Ọwọ́ mi ni," ni bàbá wí.

Ọ̀gá ní kó máa lọ. Àwọn tó wà nídìí ẹ̀rọ mọ òótọ́, kò sẹ́ni tó la ẹnu.

Bàbá kó pẹ́ńsùlù rẹ̀ sínú láílọ́ọ̀nù, ó wá bá mi nídìí tábìlì. Mo rò pé ó fẹ́ ṣépè fún mi. Ńṣe ló rọra bẹ̀rẹ̀ sí etí mi.

"Ọmọ mi, mi ò ní bá ẹnikẹ́ni sọ ọ́. Ìwọ lo ní kí n pa á rẹ́, àbí? Mo kàn fẹ́ gbọ́ ọ lẹ́nu ẹ, kí n lè mọ̀ pé iyè mi ò tíì máa ra."

Mo tẹjú mọ́ ìwé iwájú mi. Mo ní, "Bàbá, mi ò rántí nǹkan tó jọ bẹ́ẹ̀ o."

Ó ní, "Á jẹ́ pé èmi ni mo gbàgbé," ó sì dúpẹ́ lọ́wọ́ mi.