Kàmọ́rù Ògúnjìnmí àti Ìwé Pupa Tí Tíṣà Boaz Kò Rí Kà

Ìtàn tí gbogbo Apòmù fi ń rántí Kàmọ́rù Ògúnjìnmí jù ni ti ọkùnrin tó gbé jíípù dúdú wá ra ìwé idán. Iwájú ilé rẹ̀, lábẹ́ igi fúrúùtù, ni Kàmọ́rù máa ń pàtẹ ìwé sí: ìwé lórí àwọn ẹ̀sìn àtijọ́, ìwé lórí idán àti ọfọ̀, ìwé lórí bí ẹ̀sìn kan ṣe dé tí òmíràn sì kógbá wọlé. Ọdún mọ́kànlélógún ló fi ṣiṣẹ́ ní ilé ìtẹ̀wé kan n'Ìbàdàn. Nígbà tó fẹ̀yìntì, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kó páànù àti sìmẹ́ǹtì bọ̀ wálé, ìwé ni òun kó.

Ọkùnrin oníjíípù yẹn kò fẹ́ jókòó. Ó ní ọ̀gá òun níbi iṣẹ́ fẹ́ràn ẹlòmíràn ju òun lọ, òun sì fẹ́ ìwé tí òun máa kà tí ọ̀gá á fi yíjú sí òun.

"Ó wà," ni Kàmọ́rù wí. Ó nawọ́ sí ìwé pupa ńlá kan tó wà lókè pátápátá. "Ibẹ̀ ni gbogbo rẹ̀ wà, idán àti ẹ̀sìn ayé láti ìbẹ̀rẹ̀. Ṣùgbọ́n kékeré yìí lẹ máa kọ́kọ́ kà." Ó gbé ìwé búlúù pẹlẹbẹ kan lé e lọ́wọ́.

"Bàbá, èló ni ti pupa yẹn? Màá san ìlọ́po méjì."

"Mi ò tíì dá iye lé e."

"Ìlọ́po mẹ́rin."

"Ẹ jókòó, sà. Tẹ́ ẹ bá ka kékeré tán, ìbéèrè mẹ́ta péré ni màá bi yín."

Ọkùnrin náà jókòó, torí kò tíì rí ẹni tó kọ owó rẹ̀ rí. Ó ń kà, ó ń tòògbé, ó ń jí, títí wọ́n fi pe ìrun Àsáárì. Nígbà tí Kàmọ́rù bi í ní ìbéèrè àkọ́kọ́, ó bẹ̀rẹ̀ sí í wo bàtà rẹ̀. Kàmọ́rù ní kò tíì tó, kó máa mú kékeré lọ sílé. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, ó padà dé, ó dá ìwé búlúù padà, ó ní òun ò fẹ́ pupa mọ́.

"Kí ló dé?" ni Kàmọ́rù bi í.

"Bàbá, gbogbo onídán tó wà nínú ìwé yìí ni mo kà nípa wọn. Kò sí ìkankan nínú wọn tó lówó tó ọ̀gá mi."

Gbogbo ẹni tó wà lórí bẹ́ǹṣì lábẹ́ igi náà ló rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà, àfi Tíṣà Boaz Afọláyan. Ìkirè ni Tíṣà Boaz ń gbé. Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ló fi kọ́ ọmọ ní ẹ̀kọ́ Bíbélì kó tó fẹ̀yìntì, gbogbo Ọjọ́bọ̀ ló sì máa ń wọ ọ̀kadà wá sí Apòmù láti wá wo ibi tí Kàmọ́rù yóò ti ṣì í sọ. Ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́: ó ń jowú ni. Owú náà sì mú un gan-an. Òun ló lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì olùkọ́, òun ló ní ìwé ẹ̀rí nínú férémù lára ògiri, síbẹ̀ kò sí ẹni tó ti Ìkòyí tàbí Orílẹ̀-Òwu wá bi í ní ohunkóhun. Kàmọ́rù tí kò kọjá píráímárì síìsì ni wọ́n ń wọ́ lọ bá.

Èyí tó tún wá ń dùn ún wọnú egungun ni pé òun náà ò tíì ka ìwé pupa. Ọjọ́ tó kọ́kọ́ béèrè fún un, Kàmọ́rù gbé búlúù fún un.

"Bàbá Ṣùkúrá," ni Tíṣà wí, torí Ṣùkúrátù lorúkọ ọmọ kan ṣoṣo tí Kàmọ́rù bí, "ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lẹ ń fún èmi? Mo kọ́ ọmọ tó ti di dókítà."

"Tí dókítà náà bá wá, òun náà á bẹ̀rẹ̀ láti orí kékeré."

Tíṣà gbé ìwé búlúù padà sórí tábìlì. Ọdún kọkànlá rèé, kò gbé e mọ́, Kàmọ́rù náà ò sì gbé pupa sọ̀ kalẹ̀ fún un.

Kàmọ́rù mọ bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ tí ara ẹni á gbà á. Tí ẹni tuntun bá dé, á ní, "Ẹ wo orúkọ mi. Kàmọ́rù ni àfáà sọ mí. Ògúnjìnmí ni baba ńlá mi tó ń sin Ògún fi sílẹ̀ fún wa. Ìtàn ẹ̀sìn tí wọ́n fi gbogbo ìwé pupa kọ, orúkọ méjì ni mo fi jẹ́ ẹ." Àwọn èèyàn á pàtẹ́wọ́. Nígbà tí Tíṣà Boaz délé, ó yẹ orúkọ tirẹ̀ wò síwá sẹ́yìn, kò rí òrìṣà kankan nínú Afọláyan. Orúkọ lásán ló tún ń jowú báyìí.

Lọ́jọ́ kan, Kàmọ́rù sọ fún wọn pé ọ̀rọ̀ tí òyìnbó fi ń pe èèyàn ní kèfèrí, ìyẹn "pagan", lẹ́nu àwọn ará Róòmù ayé ọjọ́un, ará oko ni ìtumọ̀ rẹ̀. Ó ní ìlú ńlá ni ìgbàgbọ́ tuntun kọ́kọ́ mú, àwọn ará oko ló pẹ́ kí wọ́n tó fi òrìṣà wọn sílẹ̀.

Gàrúbà, àgbẹ̀ kòkó kan tó máa ń wá jókòó síbẹ̀ tó bá ti oko dé, wo àdá ọwọ́ rẹ̀. "Àwa àgbẹ̀ kòkó nìyẹn," ó ní. "Àṣé kèfèrí ni wá, a kàn ń kírun lásán."

"Irọ́ ni," ni Tíṣà Boaz wí. "Kò sóhun tó jọ ọ́."

"Ẹ lọ wò ó, Tíṣà," ni Kàmọ́rù dá a lóhùn.

Tíṣà lọ wò ó lóòótọ́. Ó wọ mọ́tò kọjá Aṣèjíire, ó dé ilé ìkàwé kan n'Ìbàdàn, ó ṣí ìwé atúmọ̀ ńlá, ó sì bá ọ̀rọ̀ náà níbẹ̀ bí Kàmọ́rù ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́. Ó ṣí ìwé atúmọ̀ kejì, bóyá èyí á ṣàánú òun. Ohun kan náà ló sọ. Ní Ọjọ́bọ̀ tó tẹ̀ lé e, Kàmọ́rù béèrè pé ṣé ó rí i.

"Wọ́n ti ilé ìkàwé náà pa," ni Tíṣà wí.

"Ó mà ṣe o," ni Kàmọ́rù wí, ó sì bu omi tútù fún un mu.

Ti Àfáà Hakeem ló tún bí Tíṣà nínú jù. Àfáà yìí kò ju ẹni ogójì ọdún lọ, ó sì gbóná. Ó wá kìlọ̀ fún Kàmọ́rù pé ìwé àwọn kèfèrí tó kó jọ yóò jí ìmáànì rẹ̀ lọ.

"Ó ń bà mí lẹ́rù," ni Kàmọ́rù wí. "Ẹ bá mi gbé búlúù yìí lọ sílé yín, Àfáà. Ìmáànì tiyín lágbára, kò ní lè jí i."

Àfáà gbé e lọ. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kọjá, ìwé kò padà. Ní Jímọ̀ọ̀ kẹrin, Àfáà gun mínbárì, ó sì ṣe wáàsí lórí bí àwọn ará Mẹ́kà ṣe ń bọ òrìṣà kí Ànábì tó dé. Inú àwọn èèyàn dùn, wọ́n ní àwọn ò gbọ́ irú ẹ̀ rí. Kàmọ́rù tó jókòó ní sàfú iwájú ń mi orí, ètè rẹ̀ sì ń bá wáàsí náà lọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Nígbà tí wọ́n jáde, ó di Àfáà lọ́wọ́ mú. "Orí kejì nìyẹn, ẹ ò fo ìlà kan. Mo ti mú ìbéèrè kan kúrò fún yín, ẹ wá gba méjì tó kù." Kó tó di oṣù tó tẹ̀ lé e, ìwé pupa ti wà nílé Àfáà.

Nígbà tí Tíṣà gbọ́, ọgbọ́n tirẹ̀ náà dé. Ó rán Ọmọ́tóyọ̀sí ìyàwó rẹ̀ pé kó lọ yá ìwé pupa wá. Ó rò pé tí ìwé bá ti wọ inú ilé, ó ti bù ṣe. Ọmọ́tóyọ̀sí, tó ń ta aṣọ ní ọjà Ìkirè, ka búlúù láàárín ọ̀sẹ̀ kan, ó dáhùn ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ó sì gbé pupa délé. Tíṣà nawọ́.

"Rárá o," ni ìyàwó rẹ̀ wí. "Mo ti bá Bàbá Ṣùkúrá ṣe àdéhùn. Ẹni tí kò bá tíì ka kékeré kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án."

"Nínú ilé mi?"

"Nínú ilé yín, Tíṣà."

Oṣù méjì ni ìwé náà fi wà nínú àpótí Ọmọ́tóyọ̀sí. Á mú un jáde lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán, á jókòó sétí ibùsùn, á máa kà á, á máa rẹ́rìn-ín músẹ́. Tíṣà á máa rìn kọjá lẹ́nu ọ̀nà. Ó ń jowú ìyàwó nítorí ìwé, ó sì ń jowú ìwé nítorí ìyàwó, torí ó pẹ́ tí Ọmọ́tóyọ̀sí ti rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀ sí i. Lọ́jọ́ ìsinmi kan, ó ṣe bí ẹni tí inú ń run, kò lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Bí ilé ṣe dá, ó ṣí àpótí. Aṣọ ló bá níbẹ̀. Ọmọ́tóyọ̀sí ti gbé ìwé pupa lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.

Kàmọ́rù kú nínú ọyẹ́ tó kọjá. Àìsàn ọjọ́ mẹ́ta péré ni. Wọ́n sin ín kí oòrùn tó dé àtàrí, gẹ́gẹ́ bí ìlànà Mùsùlùmí, nígbà tí Tíṣà Boaz sì fi máa dé láti Ìkirè, wọ́n ti ń fọ ọkọ́.

Ní ọjọ́ kẹjọ tí wọ́n ṣe fídáù, ẹ̀sìn mẹ́ta ló ń du òkú kan. Àfáà Hakeem ní Mùsùlùmí òdodo ni. Pásítọ̀ kan láti Ìkirè ní òun ti fẹ́ẹ̀ yí i lọ́kàn padà, ó ku díẹ̀. Àgbà ilé Ògúnjìnmí ní kí wọ́n má tan ara wọn jẹ, ọmọ Ògún ni. Nígbà tí wọ́n parí, Tíṣà Boaz dìde. Ó ti múra ọ̀rọ̀ gígùn sílẹ̀ nípa gbogbo ibi tí Kàmọ́rù ti ṣì í sọ. Ohun tó jáde lẹ́nu rẹ̀ kọ́ nìyẹn.

"Ilé ìkàwé Ìbàdàn ṣí sílẹ̀ lọ́jọ́ náà," ó ní. "Bàbá Ṣùkúrá ló jàre."

Gàrúbà ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín. "A mọ̀, Tíṣà. Bébà tí wọ́n fi wọlé síbẹ̀ ṣì ń yọrí jáde nínú àpò ẹ̀wù yín lọ́jọ́ tẹ́ ẹ ní wọ́n tì í. Bàbá Ṣùkúrá ló ní ká má sọ̀rọ̀."

Lẹ́yìn ogójì ọjọ́, Ṣùkúrátù ránṣẹ́ pe Tíṣà. Ó ń kó ìwé bàbá rẹ̀ jọ, ó sì na ìwé pupa sí i pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì. "Ẹ gbà á, sà. Bàbá ò sí mọ́, kò sẹ́ni tó máa dá yín dúró."

Tíṣà wo ìwé náà. Ọdún mọ́kànlá ló ti ń fẹ́ ẹ. Ọwọ́ rẹ̀ dé ara rẹ̀, ó sì fà á padà. Ó rí i pé bí òun bá gbà á báyìí, òun nìkan ló máa kà á láì dáhùn ìbéèrè kankan, ojú á sì máa ti òun ní gbogbo ojú-ìwé.

"Kékeré ńkọ́?" ó béèrè.

Ó kà á fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko. Ní Ọjọ́bọ̀, ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì lábẹ́ igi fúrúùtù. Gàrúbà wà níbẹ̀, Àfáà Hakeem wà níbẹ̀, Ṣùkúrátù gbé ìwé pupa sórí ẹsẹ̀. Ọmọ́tóyọ̀sí ni wọ́n ní kó bi í ní ìbéèrè, torí òun ló rántí àwọn ìbéèrè tí wọ́n bi í jù. Tíṣà dáhùn méjì láìmí.

"Ẹ̀kẹta," ni ìyàwó rẹ̀ wí. "Nínú gbogbo ohun tí ìwé yìí ní àwọn kèfèrí ń ṣe, èwo lẹ rí tí ìyá yín náà ń ṣe?"

"Màámi? Ọmọ ajíhìnrere ni màámi." Ó fẹ́ sọ̀rọ̀ lọ, ojú rẹ̀ bọ́ sí ẹnu ọ̀nà ilé Kàmọ́rù. "Omi. Láràárọ̀, kó tó bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀, á da omi tútù sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, á wá ka Baba Wa Tí Ń Bẹ Lọ́run. Mo rò pé eruku ló fi ń pa."

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ṣùkúrátù dìde, ó gbé ìwé pupa lé e lọ́wọ́. Tíṣà Boaz kò ṣí i. Ó ń wo àwọn tó wà lórí bẹ́ǹṣì lọ́kọ̀ọ̀kan, owú sì tún mú un, èyí tó le ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Kàmọ́rù fúnra rẹ̀ ló bi gbogbo wọn ní ìbéèrè.

"Kí ló sọ fún ọ," ó bi ìyàwó rẹ̀, "nígbà tó o dáhùn tìẹ?"

"Ó ní kí n sọ fún yín pé òun ń dúró dè yín."

"Kí ló dé tó ò sọ fún mi?"

"Mo sọ fún yín, Tíṣà. Ọjọ́ náà gan-an ni mo sọ. Ẹ ní kí n má dárúkọ rẹ̀ mọ́ nínú ilé yín."

Tíṣà Boaz gbé ìwé náà mọ́ àyà, ó sì sunkún lójú gbogbo wọn.