Veluchami àti Òdòdó Ìyá

Ìdílé Veluchami ló ń sín òdòdó fún Ìyá, òrìṣà obìnrin tí wọ́n ń bọ ní tẹ́ńpìlì Kurinjikulam. Bàbá rẹ̀ sín in, bàbá bàbá rẹ̀ sín in. Kí oòrùn tó yọ lókè odò, Veluchami á ti wẹ̀, á ti jókòó sórí ẹní, á fi àtàǹpàkò ẹsẹ̀ di okùn ọ̀gẹ̀dẹ̀ mú, á máa so òdòdó funfun mọ́ ọn ní méjì-méjì. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbọ́ òórùn òdòdó náà kí Ìyá tó gbọ́ ọ. Nítorí náà, á máa yí imú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bí ẹni tó ń bá ara rẹ̀ jà.

Ìjà tó ba nǹkan jẹ́ kì í ṣe tirẹ̀ rárá. Sankaralingam àti Nallaperumal, ọmọ ẹ̀gbọ́n àti ọmọ àbúrò, ni wọ́n jọ ń ṣàkóso tẹ́ńpìlì. Lọ́jọ́ ọdún tí wọ́n bá fẹ́ fi okùn fa kẹ̀kẹ́ ńlá tó ń gbé ère Ìyá jáde, àlùfáà a máa wé aṣọ ọlá mọ́ alákòóso lórí kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kan okùn náà. Ta ni kí wọ́n kọ́kọ́ wé e fún? Ọ̀rọ̀ di ariwo, ariwo di ẹ̀ṣẹ́, ọlọ́pàá sì ti ilẹ̀kùn tẹ́ńpìlì pa. Odidi ọjọ́ mẹ́ta ni Ìyá fi wà lókùnkùn, láìsí fìtílà, láìsí òdòdó.

Ara Veluchami kò gbà á. Ó ń lọ láti ojúlé dé ojúlé.

"Ẹ jẹ́ ká lọ sí kóòtù. Kí adájọ́ bá wa tọ́jú ilé Ìyá títí àwọn méjèèjì á fi gbọ́n."

"Àwọn yẹn á gbọ́n kẹ̀?" ni ọkùnrin tó ń ta tíì dáhùn. "Velu, o máa hewú tán kó tó dìgbà yẹn."

"Mo ti hewú ná."

Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n sì fọwọ́ sí ìwé. Orúkọ tirẹ̀ ló ṣáájú.

Adájọ́ gbọ́ ẹ̀bẹ̀ wọn. Ó ní kí wọ́n ṣílẹ̀kùn, kí lọ́yà kan tí kóòtù yàn máa bójú tó tẹ́ńpìlì, kó sì kọ orúkọ gbogbo àwọn tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Bó bá ṣe bá nǹkan lọ́jọ́ tó bá dé, bẹ́ẹ̀ ni kó wà títí ẹjọ́ á fi parí. Inú Veluchami dùn. Ohun tó bẹ̀bẹ̀ fún gan-an nìyẹn.

Àfi bí ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ̀ ṣe kú. Tí ikú bá wọ ìdílé ènìyàn, ó di ẹ̀yìn ọjọ́ mẹ́rìndínlógún kó tó lè kọjá ẹnu ọ̀nà Ìyá tàbí kó fọwọ́ kan òdòdó rẹ̀. Ó bẹ Isakki, opó tó ń ta òdòdó ní ibùdókọ̀, pé kó bá òun di iṣẹ́ náà mú ná.

Ọjọ́ kẹsàn-án ọ̀fọ̀ náà ni lọ́yà dé, obìnrin kan tó gbé fáìlì dání. Veluchami dúró níta lábẹ́ igi dóńgóyárò.

"Lọ pè é!" Pechiammal, ìyàwó rẹ̀, ń tì í lẹ́yìn. "Sọ fún un pé ìwọ lo niṣẹ́."

"Èérí ikú ṣì wà lára mi. Ṣé kí n wá máa pariwo lójú Ìyá?"

"Ìyá mọ̀ ẹ́. Ìwé ni ò mọ̀ ẹ́."

"Gbogbo ìlú mọ̀ mí. Wọ́n á sọ fún un."

Wọn kò sọ. Sankaralingam rò pé ẹ̀yìn Nallaperumal ni Veluchami wà, Nallaperumal náà rò pé ẹ̀yìn Sankaralingam ló wà, inú sì ń bí àwọn méjèèjì sí ẹni tó gbé wọn dé kóòtù. Nígbà tí lọ́yà béèrè ẹni tó ń sín òdòdó, àlùfáà tí kò fẹ́ mú wọn bínú wo Isakki tó gbé agbọ̀n dúró níwájú rẹ̀, ó sì tọ́ka sí i.

Lọ́jọ́ kẹtàdínlógún, Veluchami wẹ̀, ó gbé òdòdó dé.

"Bàbá, orúkọ yín ò sí níbí," ni lọ́yà wí.

"Mo ń ṣọ̀fọ̀ ni, màdáámù."

"Mo gbọ́ yín. Ṣùgbọ́n tí mo bá yí orúkọ kan padà, àwọn alákòóso méjì yẹn á ní kí n yí ogún orúkọ mìíràn. Ẹ kọ̀wé sí adájọ́."

Ó kọ̀wé. Wọ́n sún ọjọ́ síwájú, wọ́n tún sún un. Adájọ́ lọ, òmíràn dé.

Ní ọdún kejì, Isakki gbé agbọ̀n òdòdó wá bá a nílé. "Bàbá, ọkàn mi ò balẹ̀. Ẹ sín in níbí, èmi á kàn gbé e wọlé. Orúkọ mi á wà nínú ìwé, ọwọ́ yín á wà lára òdòdó. Ta ló máa mọ̀?"

Ọwọ́ ń yún un. Ṣùgbọ́n àwọn tó ń mu tíì lódìkejì ọ̀nà ti ń wò wọ́n.

"Adájọ́ ní kí nǹkan wà bó ṣe wà," ó gbóhùn sókè. "Ṣé kí n wá rúfin nítorí àánú ẹ ni? Gbé agbọ̀n ẹ, máa lọ."

"Èmi ò pè é ní àánú, bàbá." Ó gbé agbọ̀n rẹ̀. Kò padà wá mọ́.

Ọdún mọ́kànlá ni ẹjọ́ náà gbà. Adájọ́ ní kí àwọn méjèèjì máa pín aṣọ gbà, ẹnì kan lọ́dún yìí, èkejì lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ohun tí wọn ì bá ti fi ife tíì kan yanjú. Ní ti ìwé Veluchami, ó ní iṣẹ́ ti mọ́ Isakki lọ́wọ́, kó máa ṣe é lọ. Ìgbà yẹn, oríkèé ìka Veluchami ti le, Pechiammal sì ti kú. Àwọn ará ìlú ń sọ pé ìwé tó fọwọ́ sí ló pa á lára. Kò bá wọn jiyàn. Agbọ̀n kan ṣoṣo ló wà lọ́kàn rẹ̀, àti ọdún mẹ́sàn-án tí ì bá fi máa sín òdòdó Ìyá láìsí ẹni tó mọ̀, tó jẹ́ ẹnu ara rẹ̀ ló fi lé e lọ.

Lọ́jọ́ kan, ó rọra rìn lọ sí ibùdókọ̀ láti sọ ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀ yìí fún Isakki. Èrò pọ̀ níwájú obìnrin náà.

"Bàbá, ẹ káàbọ̀. Apá mélòó ni kí n wọ̀n fún yín?"

Veluchami wo àwọn èrò náà. "Méjì," ó ní.

Isakki fi apá ara rẹ̀ wọn òdòdó náà lẹ́ẹ̀mejì, ó gé e, ó fi ewé dì í fún un.