Bẹ́ǹṣì Tó Kọ́kọ́ Wọ Ṣọ́ọ̀ṣì Wa

Ní aago mẹ́wàá òwúrọ̀ Sátidé kan ni ìyá mi àgbà mú mi lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì abúlé wa lẹ́yìn Ọ̀tà. Èmi ni ìjọ ní kí n kọ ìtàn rẹ̀. Ìyá mi àgbà sì fẹ́ kí n kọ ọ́ pé ilé wa ló gbé bẹ́ǹṣì àkọ́kọ́ wá, láyé ìgbà tí ilé kọ̀ọ̀kan ń mú tirẹ̀ wá.

Ọ̀rẹ́ wọn tí wọ́n jọ dàgbà, tí a bá níbẹ̀, kò gbà. "Tiyín kẹ̀? Oore-ọ̀fẹ́ ni wọ́n ń pín lọ́wọ́ kí tiyín tó wọlé!"

"Inú ilé Ọlọ́run lo ti ń purọ́ yìí o!"

Mo bi wọ́n lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ bí a ṣe lè mọ èyí tó kọ́kọ́ dé, ìdáhùn wọn sì bára mu: káfíńtà máa ń fi irin gbígbóná fa ìlà sábẹ́ bẹ́ǹṣì, ìlà kan fún èyí tó kọ́kọ́ dé, méjì fún èyí tó tẹ̀ lé e, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Mo yí tiwa padà: ìlà mẹ́ta. Ti ọ̀rẹ́ wọn: ìlà márùn-ún. Àwọn méjèèjì wo ara wọn, wọ́n bú sẹ́rìn-ín.

"Mo ṣáà ṣáájú rẹ," ni ìyá mi àgbà wí.

Bẹ́ǹṣì tó ní ìlà kan ṣoṣo wà níbi tí àwọn ọmọdé ti ń kọ́ Bíbélì. Kò sẹ́ni tó mọ ilé tó ni ín, nítorí náà mi ò dárúkọ ilé kankan nínú ìtàn náà. Lọ́jọ́ Ìsinmi, orí rẹ̀ ni àwọn ìyá méjèèjì jókòó sí, tí wọ́n ń fi ìgúnpá ti ara wọn. Èyí, mo fojú ara mi rí i.